Bí Iná Pupa Bá Ti Ń Tàn, Mi Ò Sí Níbí

“Ẹ fún mi ní ọjọ́ mẹ́ta péré. Tó bá di ọjọ́ kẹrin, bí mo bá bọ́ra sílẹ̀ tí mò ń jó lórí tábìlì yín, ẹ ò ní mọ̀ pé mo wà níbẹ̀. Ògiri ni wọ́n ń pè mí. Ẹni tó ń bá ògiri gbé, ṣé ó máa ń kí i káàárọ̀ ni?”

Báyìí ni ọkùnrin oníkámẹ́rà yìí ṣe ń fọ́nnu ní àárọ̀ ọjọ́ Ajé tó kọ́kọ́ wọ ṣọ́ọ̀bù Bàbá Onítìmùtìmù, tòun ti àpò dúdú mẹ́rin, igi ẹlẹ́sẹ̀ mẹ́ta tí wọ́n ń gbé kámẹ́rà lé, àti ẹ̀wù aláwọ̀ eérú tó jọ ògiri lóòótọ́. Òun fúnra rẹ̀ ló sọ ara rẹ̀ lórúkọ náà, àmọ́ kò sí òfin tó ní kéèyàn má fi orúkọ ta ara rẹ̀ lọ́rẹ.

Iṣẹ́ rẹ̀ kì í ṣe ti àwọn tó ń ya fíìmù òṣèré, níbi tí òkú ti máa ń dìde lọ gba oúnjẹ ọ̀sán. Ìgbé ayé gidi ló ń yà. Kì í bi èèyàn ní ìbéèrè, kì í ní kí èèyàn tún nǹkan ṣe lẹ́ẹ̀kejì. Á kàn jókòó sí kọ̀rọ̀ ni, á máa wo bí ẹni tó ń ṣiṣẹ́ ṣe ń ṣiṣẹ́, bó ṣe ń họra, bó ṣe ń jà, bó ṣe ń parí ìjà. Ó gbà pé béèyàn bá tẹjú mọ́ ọwọ́ òṣìṣẹ́ pẹ́ títí, á bá ọkàn onítọ̀hún pàdé níbẹ̀. Ọdún mọ́kànlá ló ti ń tẹjú mọ́ ọwọ́ ọlọ́wọ́.

Àga ìrọ̀gbọ̀kú tó ti gbó ni wọ́n máa ń gbé wá sí ṣọ́ọ̀bù yìí. Bàbá Onítìmùtìmù á bó aṣọ ara àga bí ẹni ń bó ọsàn, á fa ìṣó tó ti dípẹtà yọ lọ́kọ̀ọ̀kan. Ìyàwó rẹ̀, tí gbogbo àdúgbò ń pè ní Ìyá Ṣọ́ọ̀bù, ló ń gé fóòmù tó sì ń ki òwú sí àga níkùn. Dáwódù, àkọ́bí wọn, ló ń kan igi. Ìyàwó Dáwódù ló ń fi ẹ̀rọ rán aṣọ tí wọ́n á fi bo àga. Ìyàwó ni gbogbo wọn kàn ń pè é. Oṣù keje rèé tó wọ ilé wọn, láti ìlú kan tó jìnnà débi pé ẹni tó bá wọkọ̀ láàárọ̀, ilẹ̀ á ti ṣú kó tó débẹ̀.

“Mi ò kórìíra ọmọ náà,” Ìyá Ṣọ́ọ̀bù á máa wí. “Mo ṣì ń wò ó ni.”

Oṣù méje ló fi ń wò ó. Ẹni tó ń ra ẹṣin kì í wo ẹnu rẹ̀ tó bẹ́ẹ̀. Ìyàwó sì mọ̀ pé wọ́n ń wo òun. Ohun kan ṣoṣo tó ń fẹ́ láyé yìí ni kí ìyá ọkọ òun wo òun tán lọ́jọ́ kan, kó ní, “Ó dáa, ọmọ mi ni.”

Ọjọ́ mẹ́ta tí Ògiri tọrọ pé. Ọjọ́ kẹrin pé. Kò sẹ́ni tó gbàgbé rẹ̀. Bàbá Onítìmùtìmù wọ kóòtù tó fi gbéyàwó, ó so táì mọ́ ọrùn, ó wá ń kan ìṣó bíi mínísítà tó wá fi ìpìlẹ̀ ilé ìwòsàn lélẹ̀. Ìyá Ṣọ́ọ̀bù, tí ohùn rẹ̀ máa ń dé òpópónà kejì, bẹ̀rẹ̀ sí í sọ̀rọ̀ bí ẹni ń ka ìròyìn lórí rédíò.

“Ọkọ mi ọ̀wọ́n, jọ̀wọ́, ṣé o lè bá mi mú sísọ́ọ̀sì yẹn?”

Bàbá wẹ̀yìn, ó tún wẹ̀gbẹ́. “Ta lò ń bá sọ̀rọ̀?”

Ní ti Dáwódù, ó kọjú ẹ̀rín sí kámẹ́rà, ó ń rín in lọ ràì títí ó fi fi òòlù gbá àtàǹpàkò ara rẹ̀. Kò sì dá ẹ̀rín náà dúró. Omijé ń dà, eyín ń tàn.

Ìyàwó nìkan ló ń ṣe bó ṣe máa ń ṣe. Tó bá di ọ̀sán, á bu omi sí kọ́ọ̀pù, á gbé e sẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹsẹ̀ oníkámẹ́rà láì wo ojú rẹ̀, bí ẹni ń bomi rin òdòdó inú ìkòkò, á sì padà sídìí ẹ̀rọ rẹ̀. Ògiri á mu ún tán. Kò lè dúpẹ́. Ògiri wo ló ń dúpẹ́?

Lọ́jọ́ karùn-ún, sùúrù rẹ̀ tán. Ó kó gbogbo wọn jọ bí olùkọ́ tó fẹ́ na kíláàsì.

“Ẹ wo iná pupa kékeré tó wà lára kámẹ́rà yìí. Bí iná pupa bá ti ń tàn, mi ò sí níbí. Ẹ má wo kámẹ́rà. Ẹ má wo ohunkóhun tí mo bá gbé sọ́wọ́. Bí mo bá sọ̀rọ̀, ẹ má dáhùn. Bí mo bá pè yín lórúkọ, ẹ má jẹ́ mi. Kódà bí mo bá ní iná ń jó, iṣẹ́ yín ni kẹ́ ẹ máa ṣe lọ. Ìgbà tí iná pupa bá kú ni mo tó dé.”

“Tó bá wá jẹ́ pé iná ń jó lóòótọ́ ńkọ́?” Bàbá béèrè.

“Ẹ máa gbóòórùn rẹ̀.”

Bàbá rò ó wò. “Ọ̀rọ̀ ọlọ́gbọ́n nìyẹn,” ó ní, ó sì bọ́ kóòtù.

Ògiri ò fi mọ níbẹ̀. Ó ń dán wọn wò. Bí iṣẹ́ bá ń lọ lọ́wọ́, á kígbe láti kọ̀rọ̀ pé, “Bàbá, eku wà lẹ́sẹ̀ yín!” Bàbá á fò dórí àga oníbàárà. “Ẹ ti fìdí rẹmi,” Ògiri á wí. “Màmá, wọ́n ń pè yín níta!” Màmá á dìde. “Ẹ̀yin náà.” Ojú tì wọ́n. Wọ́n pinnu pé àwọn ò ní fìdí rẹmi mọ́ láé. Tó fi máa di òpin ọ̀sẹ̀ kejì, òrùlé ì báà já, wọn ò ní gbójú sókè. Nígbà tí Tíṣà, olùkọ́ àgbà tó ti fẹ̀yìn tì, wá wo ibi tí wọ́n bá àga rẹ̀ dé, tó sì kí Ògiri pé, “Ẹ ǹlẹ́ níbẹ̀ o,” Ìyá Ṣọ́ọ̀bù ló bá a fọwọ́ bo ẹnu.

“Ẹ má kí i. Ẹ máa bà á jẹ́.”

Fíìmù wá dùn wàyí. Tọkọtaya jà nítorí ìṣó, wọ́n parí ẹ̀ nítorí ìṣó. Bàbá ń kọrin tí kò mọ̀ pé òun ń kọ. Ògiri ń ti kọ̀rọ̀ rẹ́rìn-ín músẹ́. Ó ti ń rí ara rẹ̀ lórí pèpéle níbi tí wọ́n ti ń pàtẹ́wọ́ fún un.

Ọjọ́ Ìṣẹ́gun ọ̀sẹ̀ kẹta ni òrùka bọ́.

Òwú fífà ti mú kí ìka Ìyá Ṣọ́ọ̀bù wú. Ó fi ọṣẹ yọ òrùka ìgbéyàwó rẹ̀, òrùka tí kò kúrò níbẹ̀ láti ọdún méjìdínlógójì, ó sì gbé e sí etí àga Tíṣà. Ògiri sún ojú kámẹ́rà mọ́ ọn: ìka náà, àpá funfun tí òrùka fi sílẹ̀, òrùka fúnra rẹ̀. Ẹnìkan tó ń gbé fóòmù kọjá kígbe kí Ìyá láti òde, Ìyá sì yíjú láti dá a lóhùn. Ìgúnpá rẹ̀ kan ìdì òwú, ìdì òwú kan òrùka. Òrùka yí. Ó rọra ń yí lọ lẹ́bàá etí àga bí ọmọ tó ń yọ́ wọlé lẹ́yìn tó ti pẹ́ níta. Ó dúró díẹ̀. Ó já sínú ikùn àga.

Láti ọdún mọ́kànlá, Ògiri ò rí irú àwòrán bẹ́ẹ̀ yà rí. Ó la ẹnu pé kó pariwo, ó bá tún pa á dé. Ó ní nínú ara rẹ̀ pé wọ́n á wá a, wọ́n á rí i, wọ́n á rẹ́rìn-ín; fíìmù á lórí, á nídìí. Ìyá ki òwú lé òrùka lórí. Ìyàwó nu tábìlì, ó gbé aṣọ àga tó rán tán wá, Bàbá kàn án pa. Lọ́sàn-án, Tíṣà wá gbé àga rẹ̀ lọ, ó ń súfèé.

Lọ́jọ́rú, wọ́n wá òrùka. Ìyá ní orí tábìlì lòun gbé e sí. Wọ́n wá a lábẹ́ tábìlì, wọ́n wá a nínú bàtà. Ògiri ya gbogbo rẹ̀. Nígbà tó pa iná pupa nírọ̀lẹ́, ọ̀rọ̀ náà dé orí ahọ́n rẹ̀, àmọ́ Ìyá Ṣọ́ọ̀bù ní, “Ọ̀la la ó tún wá a,” ó sì ti wá a dáadáa lọ́jọ́ yẹn, ojú rẹ̀ ti hàn ketekete nínú kámẹ́rà. Ògiri ní kò burú, ọjọ́ kan péré sí i. Ọ̀rọ̀ náà padà wọ ọ̀fun, ó jókòó síbẹ̀.

Lọ́jọ́bọ̀, wọn ò wá òrùka mọ́. Èèyàn ni wọ́n ń wá.

“Mi ò dárúkọ ẹnikẹ́ni o,” Ìyá Ṣọ́ọ̀bù wí, ó ń gé fóòmù bí ẹni ń gé ọ̀tá. “Mo kàn ní ẹni tó nu tábìlì ni.”

Ẹnì kan ṣoṣo ló nu tábìlì. Ẹ̀rọ ìránṣọ dákẹ́, lẹ́yìn náà ó tún bẹ̀rẹ̀. Lọ́sàn-án, kọ́ọ̀pù omi ò dé ẹ̀gbẹ́ ẹsẹ̀ Ògiri.

Lọ́jọ́ Ẹtì, Ògiri ò tíì jókòó tán, ó ṣẹ̀ṣẹ̀ tan kámẹ́rà ni, nígbà tí Ìyá Ṣọ́ọ̀bù gbé báàgì Ìyàwó wá láti inú ilé, tó sì dà á sórí tábìlì iṣẹ́. Aṣọ méjì. Ìyarun kan. Fọ́tò obìnrin kan tó jókòó síwájú ilé, ìyá Ìyàwó ni. Kò sí òrùka.

“Ó ti gbé e pamọ́ síbòmíràn nìyẹn,” Ìyá wí.

“Màmá, mi ò rí òrùka yín. Bí mo bá rí i, kí ojú mi fọ́.”

“Ojú tó máa fọ́ kì í kọ́kọ́ ránṣẹ́.”

Ìyàwó yíjú sí ọkọ rẹ̀. “Dáwódù, ṣé o ò ní sọ nǹkan kan ni?”

Dáwódù ṣẹ́jú wo iná pupa. Iná pupa ń tàn. Iṣẹ́ ni wọ́n ní kí àwọn máa ṣe. Ó gbé òòlù, ó kan ìṣó. Ìṣó méjì ni ẹsẹ̀ àga iwájú rẹ̀ nílò. Mẹ́tàdínlógún ló gbà láàárọ̀ yẹn.

Ìyàwó bẹ̀rẹ̀ sí í kó ẹrù rẹ̀ padà sínú báàgì. Fọ́tò ìyá rẹ̀ ló mú gbẹ̀yìn, ó fi aṣọ nu ojú rẹ̀. Ibẹ̀ ni ọ̀rọ̀ tó ti jókòó sí Ògiri lọ́fun láti ọjọ́ Ìṣẹ́gun ti fò dìde.

“Màmá! Òrùka yín wà nínú àga Tíṣà!”

Ìyá Ṣọ́ọ̀bù ò tilẹ̀ ṣẹ́jú. “Oṣù méje ni mo fi ń wò ó. Mo ti mọ̀ tẹ́lẹ̀.”

“Màmá, mo rí i! Ó bọ́ sínú rẹ̀ níṣojú mi!”

Bàbá Onítìmùtìmù tẹrí mọ́ iṣẹ́ rẹ̀, ó sọ̀rọ̀ kẹ́lẹ́kẹ́lẹ́ sí Dáwódù. “Má wò ó o. Ìdánwò tòní le.”

Ògiri fò bọ́ sí àárín wọn. Ìyá Ṣọ́ọ̀bù fi orí yà fún un bí ẹni ń yà fún òpó, kó lè máa rí Ìyàwó bú. Ògiri di Bàbá léjìká mú, ó mì ín. Bàbá mì, ó mì tán, ó padà sídìí ìṣó. Ògiri sáré gbé kọ̀ǹpútà tó ń kó àwòrán rẹ̀ sí, ó wá àwòrán ọjọ́ Ìṣẹ́gun kàn, ó gbé e sí Bàbá níwájú gan-an. Bàbá di ojú pinpin. Ó ń kan ìṣó nìṣó pẹ̀lú ojú dídì, òòlù ń bọ̀ nítòsí ìka.

“Bàbá, mo fi Ọlọ́run bẹ̀ yín, ẹ lajú!”

Bàbá tún ojú dì. Ẹ̀rín ìṣẹ́gun díẹ̀ wà ní ẹ̀gbẹ́ ẹnu rẹ̀.

Ẹ ó ní kí ló dé tí kò pa kámẹ́rà. Ó tini lójú láti sọ ọ́: kò wá sí i lọ́kàn. Ọdún mọ́kànlá ló fi kọ́ ọwọ́ rẹ̀ pé ìgbà tí ẹkún bá bẹ̀rẹ̀ gan-an ni wọn kì í pa á. Kámẹ́rà dúró lórí ẹsẹ̀ mẹ́ta rẹ̀ ní kọ̀rọ̀, ó ń wo gbogbo wọn, ó ń wo òun náà bó ṣe ń fò káàkiri.

Ó sáré dínà lẹ́nu ilẹ̀kùn. “Ìyàwó, má lọ. Mo rí i. O ò mú nǹkan kan. Mo rí i.”

Ìyàwó dúró. Ó wo ojú rẹ̀ fún ìgbà àkọ́kọ́ láti ọ̀sẹ̀ mẹ́ta. Lẹ́yìn náà ó wo ẹ̀yìn èjìká rẹ̀, níbi tí iná pupa ti ń tàn.

“Ẹ̀yin náà ń fi mí ṣeré,” ó wí pẹ̀lẹ́.

Ó gba abẹ́ apá rẹ̀ kọjá. Nígbà tí Ògiri máa fi dé ìta, Ìyàwó ti wọ takisí, takisí sì ti yà ní kọ́nà. Ó sáré tẹ̀ lé e dé ìdajì òpópónà, èémí tán. Ó padà wá bá àwọn mẹ́ta yòókù, ó kúnlẹ̀, ó kígbe, ó fi ọwọ́ lu tábìlì. Wọ́n ń ṣiṣẹ́ lọ. Òwú ń wọlé, ìṣó ń wọ igi. Nígbà tó yá, ó kàn jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀, ó ń wò wọ́n, bí ẹni tó kú tó ń wo àwọn ará ilé rẹ̀.

Ó tó wákàtí kan kí bátìrì kámẹ́rà tó tán. Iná pupa ṣẹ́jú lẹ́ẹ̀mejì, ó kú.

Bàbá Onítìmùtìmù na ẹ̀yìn, ó rẹ́rìn-ín gbọ̀ọ̀rọ̀. “Ògiri, o kú iṣẹ́ o! Àbí a ò ṣe dáadáa? Kò sẹ́ni tó fìdí rẹmi!”

“Kódà nígbà tó mẹ́nu ba òrùka mi,” Ìyá wí, “ó ṣe mí bíi kí n yíjú, àmọ́ mo mú un mọ́ra.”

Ògiri kọjú kọ̀ǹpútà sí wọn.

“Ọwọ́ mi rèé,” Ìyá wí. “Ó mà ti hunjọ o.” Lẹ́yìn náà ó rí òrùka tó yí, tó dúró, tó já. Ó gbé ọwọ́ lérí.

“Kí ló dé tó ò sọ fún wa?” Bàbá béèrè.

“Mo sọ!”

“Mi ò sọ tòní. Ọjọ́ Ìṣẹ́gun ńkọ́?”

Ògiri pa kọ̀ǹpútà dé.

Wọ́n pe fóònù Ìyàwó, ó ti pa á. Wọ́n dì mọ́ra wọn nínú takisí, àwọn mẹ́rin, ó di ibùdókọ̀. Ọkọ̀ pọ̀ níbẹ̀ bí eéṣú. Obìnrin tó ń já tíkẹ́ẹ̀tì ò gbójú sókè nígbà tí wọ́n béèrè ọkọ̀ tó ń lọ sí ìlú ọmọ náà. Ó kàn na ìka sí apá ibì kan. Apá ibi tó nà án sí, ọkọ̀ gàgàrà kan wà níbẹ̀, ilẹ̀kùn rẹ̀ tì, gíláàsì rẹ̀ dúdú, aṣọ wà lójú fèrèsé.

Bàbá Onítìmùtìmù ò béèrè nǹkan kan. Ó nà gbalaja síwájú ọkọ̀, tòun ti eruku fóòmù lórí. Ìyá Ṣọ́ọ̀bù kúnlẹ̀ ti í.

“Ọmọ mi! Ọmọ mi ni ọ́! Mo ti wò ọ́ tán. Ojú kámẹ́rà ló jẹ́ kí n le tó bẹ́ẹ̀, mo fẹ́ kí aráyé rí i pé mò ń darí ilé mi. Sọ̀kalẹ̀ wá, ìyá mi, sọ̀kalẹ̀ wá.”

Ẹnu Dáwódù wá ṣí. Ọkùnrin tí kò sọ ju gbólóhùn mẹ́ta lọ lóòjọ́ gbé ojú sókè sí fèrèsé, ó bẹ̀rẹ̀ láti ọjọ́ tó kọ́kọ́ rí i, ó sọ nípa ìró ẹ̀rọ rẹ̀ láàárọ̀, ó ní òun ojo ni, ó ní bí òun bá tún fi òòlù dá a lóhùn, kí ọwọ́ òun rọ. Àwọn èrò ibùdókọ̀ pé lé wọn lórí. Obìnrin kan gbé ẹrù sílẹ̀, ó ń nu ojú. “Ìyàwó, dárí jì wọ́n o!” ẹnì kan kígbe.

Ògiri náà dọ̀bálẹ̀, kò gbé kámẹ́rà dání. “Èmi ni mo jẹ̀bi,” ó ní. “Mo rí òrùka nígbà tó bọ́. Mo dákẹ́ nítorí pé àwòrán náà dára.”

Àwọn èrò kùn. Ọkọ̀ ò dá wọn lóhùn. Àmọ́ aṣọ ojú fèrèsé kan rọra mì.

“Ó ń gbọ́ wa!” Ògiri ta jí. “Mo rí i, ó wà níbẹ̀, ó ń sunkún. Ẹ má dẹwọ́. Iṣẹ́ ojú ni mò ń ṣe, ojú mi kì í tàn mí.”

Wọn ò dẹwọ́. Wọ́n fi ẹ̀bẹ̀ tuntun lé ti àtijọ́ lórí. Ọkọ̀ náà mì díẹ̀, ni mẹkáníìkì kan bá rọra fi ẹ̀yìn wọ́ jáde lábẹ́ rẹ̀, òróró títí dé etí, sípánà lọ́wọ́. Ó wo bàbá tó nà gbalaja, ó wo ìyá tó kúnlẹ̀, ó wo gbogbo èrò tó ń sunkún.

“Èyí tó ń lọ sọ́hùn-ún ti gbéra láago mẹ́wàá,” ó ní. “Èyí ò ní ẹ́ńjìnnì.”